Irun àgbàdo lórí àbúrò mi: ṣé ewu wà nínú fífi olórí ìlú onílùú ṣẹ̀fẹ̀?

Ìbéèrè, láti Ṣágámù, oṣù Kọkànlá 2025

Ẹ̀yin ará, ẹ gbà mí o. Àbúrò mi ọkùnrin, ọmọ ọdún mọ́kànlélógún, máa ń ṣe fídíò àwàdà. Trump ló ń ṣe láti bí oṣù mẹ́ta. Á lọ ṣa irun àgbàdo lẹ́sẹ̀ àwọn tó ń sun àgbàdo ní gáréèjì, á lẹ̀ ẹ́ mọ́ fìlà nẹ́ẹ̀tì, á wọ kóòtù bàbá wa, á so táì pupa tó fẹ́rẹ̀ẹ́ kan orúnkún, á wá fi ẹnu Rẹ́mọ pàṣẹ pé kí wọ́n mọ ògiri sí àárín Ṣágámù àti Ìkòròdú, pé Ìkòròdú ni yóò sì san owó rẹ̀. Àdúgbò ń rẹ́rìn-ín ni. Wọ́n ti ní kó wá ṣe é níbi ayẹyẹ ìparí ọdún wa. Ibi tó ti le ni pé ó ń wá físà láti lọ kàwé ní Amẹ́ríkà. Màmá wa ní kó pa gbogbo fídíò náà rẹ́. Wọ́n ní ṣé a ò rí ohun tí wọ́n ṣe fún Ṣóyínká ni, pé ẹni tó ń lérí pé òun máa kó ológun wọ Nàìjíríà kì í ṣe ẹni tí à ń fi irun àgbàdo ṣeré. Bàbá wa ní àwàdà lásán ni, ta ló mọ Ṣágámù ní Washington. Ta ló tọ̀nà nínú àwọn méjèèjì? Ṣé ó tiẹ̀ yẹ ká máa fi olórí ìlú onílùú ṣe yẹ̀yẹ́?

* * *

Mo ka ìbéèrè yìí lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ògiri Ìkòròdú pa mí lẹ́rìn-ín lẹ́ẹ̀mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Iṣẹ́ MC ni mò ń ṣe ní Ìjẹ̀bú-Òde, ó ń lọ sí ọdún mẹ́tàdínlógún, mo sì ti sín olórí orílẹ̀-èdè tó mẹ́fà jẹ níwájú àwọn tó ń jẹ ìkòkorẹ́. Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ dáhùn ti físà, torí òun ló ń jó yín lára, ká tó máa jà lórí ìyókù.

Lórí físà, màmá ló sún mọ́ òótọ́ jù. Láti ọdún 2019 ni fọ́ọ̀mù físà Amẹ́ríkà ti ń béèrè orúkọ tí èèyàn ń lò lórí Facebook, Instagram àti irú wọn láti ọdún márùn-ún sẹ́yìn. Ní oṣù Kẹfà ọdún 2025, wọ́n tún ní kí ẹni tó bá ń wá físà ìwé kíkà ṣí ojú ewé rẹ̀ sílẹ̀ gbayawu kí àwọn lè wò ó. Nítorí náà, ẹ bá mi sọ fún bàbá pé kò dìgbà tí wọ́n bá mọ Ṣágámù ní Washington. Ní Èkó níbí ni wọ́n ti ń gba fọ́ọ̀mù, ẹni tó ń wo fídíò náà sì lè mọ ọ̀nà Ìkòròdú jù yín lọ.

Àmọ́ kí àbúrò yín má lọ fi orúkọ kan pamọ́ lórí fọ́ọ̀mù o. Irọ́ orí fọ́ọ̀mù burú ju irun àgbàdo lọ, òun ni wọ́n fi ń dá èèyàn padà títí láé.

Ti Ọ̀jọ̀gbọ́n Ṣóyínká ńkọ́? Ẹ jẹ́ ká tò ó bó ṣe rí. Lẹ́tà tó dé láti ọ́fíìsì aṣojú Amẹ́ríkà ní Èkó, ọjọ́ 23 oṣù Kẹwàá 2025 ló wà lórí rẹ̀: wọ́n ti fagi lé físà wọn. Ọjọ́ 28 ni Ọ̀jọ̀gbọ́n fúnra wọn sọ ọ́ fáyé gbọ́ ní Freedom Park. Lẹ́tà náà kò dárúkọ àwàdà kankan. Ọ̀jọ̀gbọ́n fúnra wọn ló ń méfò pé bóyá torí àwọn pe Trump ní Idi Amin, apàṣẹ-wàá Uganda ayé ọjọ́un, ni, wọ́n tún wá fi ẹ̀fẹ̀ lé e pé àwọn rò pé àwọn ń yìn ín ni. Ẹ má sì gbàgbé pé wọ́n ti fọwọ́ ara wọn ba green card wọn jẹ́ lẹ́yìn ìbò 2016. Ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rùn-ún ó lé díẹ̀, tó ti gba Nobel, tó lè fi lẹ́tà ẹ́ḿbásì dá àwọn akọ̀ròyìn lẹ́rìn-ín, àti ọmọ ọdún mọ́kànlélógún tí gbogbo ilé ń dáwó fún kó lè kàwé: ẹ̀fẹ̀ kan náà ni wọ́n ṣe, owó tí oníkálukú máa san lórí ẹ̀ kì í ṣe ọgba.

* * *

Mo ti rí i nínú àwọn èsì yín pé ọ̀pọ̀ nínú yín ló ń pa òwe kan náà fún ẹni tó béèrè: ọba kì í mú ọ̀kọrin. Òwe náà dára, ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tó ti wá. Ọba tí kì í mú ọ̀kọrin ni ọba tí ọ̀kọrin ń gbé lábẹ́ rẹ̀. Ọba mọ bàbá ẹ̀, ó mọ ilé tí ìyá ẹ̀ ti wá, bí orin bá ta lọ́ba lára, àwọn ìjòyè á sọ fún un pé kó gbọ́ ohun tí ìlú ń wí. Ọba onílùú kò bá wa mulẹ̀ pọ̀. Kò sí ìjòyè wa kankan láàfin ẹ̀.

Ní ọdún 1826, nígbà tí Clapperton àti Lander, àwọn òyìnbó arìnrìn-àjò, dé Ọ̀yọ́ Ilé, Aláàfin kó àwọn eléré jáde fún wọn. Ọ̀kan nínú àwọn eégún náà di òyìnbó: ó funfun, ó rìn bí òyìnbó, ó ṣe gbogbo ìṣe òyìnbó. Àwọn òyìnbó gidi jókòó síbẹ̀ wọ́n ń wò ó, èrò ń pariwo ẹ̀rín. Clapperton fúnra rẹ̀ kọ ọ́ sínú ìwé. Kò sí ohun tó ṣe, torí pé àlejò ni wọ́n, iṣu ọba ni wọ́n ń jẹ.

Ọdún mẹ́rìndínláàádọ́rin lẹ́yìn ìyẹn, ẹ wá wo ọ̀dọ̀ tiwa ní Ìjẹ̀bú. Ẹnìkan ti sọ ọ́ níbí pé ìwọ̀sí tí a fi lọ gómìnà òyìnbó ló fa ogun Ìmagbọn. Mi ò gbà. Lóòótọ́, ní 1891 Denton tó ń dele fún gómìnà Èkó wá sí Ìjẹ̀bú-Òde, Awùjalẹ̀ Túnwàṣe kò sì gba ẹ̀bùn rẹ̀. Òyìnbó pè é ní ìwọ̀sí, wọ́n ń kọ ọ́ sínú lẹ́tà. Ṣùgbọ́n ọ̀nà ni wọ́n ń wá: ọ̀nà òwò láti etí ọ̀sà wọ inú ilẹ̀, tí Ìjẹ̀bú dì mú. Ní oṣù Karùn-ún 1892 wọ́n gba Ẹ̀pẹ́ wọlé pẹ̀lú ìbọn tí ń yìn léraléra. Bí Awùjalẹ̀ bá gba ẹ̀bùn ọjọ́ yẹn tijó tayọ̀, wọ́n á wá orúkọ mìíràn fún ogun náà. Ẹni tó bá ń wá ìjà, ẹ̀fẹ̀ yín kọ́ ni ìjà ẹ̀, àkọlé ìwé ẹ̀ ló ń gbà lọ́wọ́ yín.

* * *

Wọ́n ní kí n sọ ibi tí àwàdà ti dìjà láàárín orílẹ̀-èdè méjì rí. Jámánì ni kẹ́ ẹ lọ wò.

Oṣù Kejì 1987, eléré kan tó ń jẹ́ Rudi Carrell to àwòrán pọ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n Jámánì Ìwọ̀-Oòrùn bí ẹni pé aṣọ àwọ̀tẹ́lẹ̀ ni àwọn obìnrin ń jù lu Ayatollah Khomeini, olórí Iran nígbà náà. Gbogbo ẹ̀ kò tó ìṣẹ́jú kan. Iran lé aṣojú Jámánì méjì kúrò nílùú, wọ́n sì ti ilé-ẹ̀kọ́ èdè Jámánì tó wà ní Tehran, ìyẹn Goethe-Institut. Carrell tọrọ àforíjì. Èmi ò fẹ́ràn àwàdà yẹn, mi ò ní ṣe é níwájú àwọn àáfà tó ń pè mí síbi ìsọmọlórúkọ, kì í sì í ṣe ìbẹ̀rù nìkan. Ṣùgbọ́n ẹ wo ẹni tó jìyà ẹ̀: ọmọ Iran tó ń kọ́ èdè Jámánì, tí kò rí ètò náà, ló débẹ̀ láàárọ̀ tó bá kọ́kọ́rọ́ lẹ́nu ọ̀nà.

Ní 2016 ó tún ṣẹlẹ̀. Jan Böhmermann, aláwàdà orí tẹlifíṣọ̀n Jámánì, ka ewì kan lórí Erdoğan, olórí Turkey, ní òpin oṣù Kẹta, èébú ìdọ̀tí ni gbogbo ẹ̀, ó sì sọ tẹ́lẹ̀ pé òun fẹ́ fi ohun tí òfin kò gbà hàn ni. Jámánì ní òfin àtijọ́ kan, abala 103, lórí bíbú olórí ìlú mìíràn. Ìjọba ló gbọ́dọ̀ yọ̀ǹda kí wọ́n tó lè fi pe ẹjọ́, Merkel, olórí ìjọba wọn nígbà náà, sì yọ̀ǹda ní oṣù Kẹrin. Ní oṣù Kẹwàá, àwọn agbẹjọ́rò ìjọba ní àwọn ò rí ẹ̀sùn gbé dìde. Ilé-ẹjọ́ Hamburg ní kó má ka ọ̀pọ̀ nínú ìlà ewì náà mọ́. Nígbà tó fi máa di ọjọ́ kìíní ọdún 2018, wọ́n ti yọ abala 103 dànù. Ọkùnrin yẹn ṣì wà lórí tẹlifíṣọ̀n.

Ti Sony lọ́dún 2014 ló ba èmi nínú jẹ́ jù. Fíìmù àwàdà lórí pípa Kim Jong-un, olórí Kòríà Àríwá, ni wọ́n ṣe. Kó tó jáde, àwọn olè orí kọ̀ǹpútà ti wọ ilé-iṣẹ́ náà, wọ́n tú owó oṣù, lẹ́tà àti nọ́ńbà ìdánimọ̀ ẹgbẹẹgbẹ̀rún òṣìṣẹ́ síta. FBI ní ọwọ́ Kòríà Àríwá ni, Kòríà ní kì í ṣe àwọn. Akọ̀wé tó ń to ìwé owó oṣù, tó ń ra búrẹ́dì lọ sílé lálaalẹ́, kí ló kàn án nínú ọ̀rọ̀ Kim? Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ló ń mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́.

* * *

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ní mo ń bẹ̀rù bí àgbà tó ti rọ, ẹ gbọ́ tèmi.

Ọdún méje sẹ́yìn ni, ìgbéyàwó kan ní gbọ̀ngàn kan lọ́nà Ìbàdàn. Mo ń ṣe olórí orílẹ̀-èdè kan tí kò jìnnà sí wa, tí mi ò ní dárúkọ, ẹni tó ti pẹ́ lórí oyè. Mo ní àga rẹ̀ ti ta gbòǹgbò, pé wọ́n ń bomi rin ín láràárọ̀. Mo ń fara dí àga, mo ń ta ẹ̀ka. Èrò ń wó lulẹ̀, wọ́n ń ná mi lówó. Mi ò mọ̀ pé ẹbí ìyàwó, tábìlì kẹjọ lápá ọ̀tún, láti orílẹ̀-èdè yẹn gan-an ni wọ́n ti wá. Mo kàn rí i pé ṣíbí dúró níbẹ̀. Bàbá àgbàlagbà kan ṣí fìlà, ó fi bo ojú. Mo ní ẹ̀rín ló pa wọ́n, mo tún fi kún un. Kámẹ́rà ni wọ́n ń sá fún.

Lẹ́yìn náà bàbá yìí wá mi dé ibi tí wọ́n ti ń fọ abọ́. Wọ́n fi Yorùbá tí kò já gaara bẹ̀ mí pé kí n jọ̀wọ́ ní kí wọ́n yọ ojú àwọn kúrò nínú fídíò. Wọ́n ní àwàdà yẹn dùn. Wọ́n ní lọ́la ni àwọn ń padà sílé.

Wọn ò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo lọ bá oníkámẹ́rà, ó ní iṣẹ́ ọ̀tọ̀ nìyẹn, ẹgbẹ̀rún mẹ́jọ náírà ló gbà kó tó gé tábìlì kẹjọ kúrò. Ọmọ Ìjẹ̀bú ni. Mo san án. Láti ọjọ́ náà, kí n tó gbé máíìkì, mo máa ń bi alága ìjókòó pé ta ló wà níbí, níbo ni wọ́n sì ń padà sí. Olórí tí mò ń ṣe kì í wà nínú gbọ̀ngàn. Àwọn tó ń gbé lábẹ́ rẹ̀ ló máa ń wà níbẹ̀.

* * *

Ó di tìjà. Ẹnìkan kọ̀wé pé ojo ni ẹni tó ń bú Trump láti Ṣágámù, pé kí àbúrò yín lọ bú kánsẹ́lọ̀ tó ba ọ̀nà àdúgbò yín jẹ́ bó bá láyà. Ọ̀rọ̀ yìí le, ó sì ní ibi tó fi jẹ́ òótọ́. Olóyè Hubert Ògúǹdé, ọmọ Òsósà lẹ́yìn Ìjẹ̀bú-Òde níbí, ṣe Yorùbá Ronú ní 1964. Wọn ò dárúkọ ẹnikẹ́ni, ìtàn ọba tí wọ́n dà ni wọ́n ṣe. Ìjọba Akíntọ́lá mọ̀ pé àwọn ni, ó fòfin dè wọ́n jákèjádò Ìwọ̀-Oòrùn, ó di 1966 tí ológun dé kí òfin náà tó kúrò. Ọdún méjì láìṣeré nílé ẹni, tìyàwó tọmọ tí gbogbo wọn ń jẹun lórí eré. Owó gidi nìyẹn.

Ṣùgbọ́n mi ò gbà pé ti òkèèrè jẹ́ tojo. Ẹ wo Ṣóyínká, ọmọ Ìsarà-Rẹ́mọ lọ́dọ̀ bàbá. Oṣù Kejìlá 1977 ni Bokassa, olórí Central African Republic, fi ara rẹ̀ jẹ ọba ńlá ní Bangui, olú-ìlú wọn, bí ẹni pé Napoleon ló bí i. Oṣù yẹn náà ni wọ́n ṣe Opera Wonyosi ní Ifásitì Ifẹ̀. Bokassa wà nínú ẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n àwọn ọmọ Nàìjíríà tó ń gbé ní Bangui ni eré náà dá lé, orúkọ léèsì olówó iyebíye tí wọ́n ń wọ̀ láyé owó epo ni wọ́n sì fi pè é. Ẹni tó wọ léèsì wá wo Bokassa, ó bá ara ẹ̀ lórí ìtàgé. Ní 1984 wọ́n tún kó Amin, Mobutu, Bokassa àti Nguema, àwọn apàṣẹ-wàá ilẹ̀ Áfíríkà, jọ sínú A Play of Giants, orúkọ ni wọ́n kàn yí díẹ̀.

Ohun tí mo fẹ́ràn nínú ògiri Ìkòròdú nìyẹn. Ìtàn wa sọ pé ọmọ Rẹ́mọ ló wà nídìí Ìkòròdú. Ààlà ìpínlẹ̀ ló kó wọn sí Èkó, tó kó wa sí Ògùn. Trump kọ́ lẹ ń rín. Ẹ̀gbọ́n àti àbúrò tí ààlà pín níyà lẹ ń rín, ó kàn wọ wíìgì ni.

* * *

Kúkúrú lórí èyí: ẹni tó ní òun máa ń ṣe olórí Ṣáínà, tó ní òun máa ń fa ojú, tí òun á sì máa sọ “ṣíń-ṣọ́ọ̀ń”, ìyẹn kì í ṣe olórí kankan. Gbogbo ará Ṣáínà lò ń ṣe, títí kan ẹni tó ń ta táìlìsì ilẹ̀ ní ọjà yín. Ohun tí ọkùnrin náà pa láṣẹ ni kó o mú. Bó o bá yọ ojú àti ohùn kúrò tí àwàdà ò kù, kò sí àwàdà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. (Irun Trump? Mo gbà fún irun. Òun fúnra ẹ̀ ló yan bó ṣe ń yà á.)

* * *

Agbẹjọ́rò kan níbí béèrè pé ṣé òfin tiwa kò sọ nǹkan kan. Ó sọ ọ́. Abala 60 nínú Criminal Code tí òyìnbó fi sílẹ̀ fún wa ní ẹni tó bá tẹ ohun tó lè mú kí àwọn ará orílẹ̀-èdè mìíràn kórìíra tàbí kẹ́gàn ẹni tó ń jọba lé wọn lórí, láìní àwíjàre, lè fẹ̀wọ̀n ọdún méjì jura. Jámánì yọ tiwọn, tiwa ṣì wà nínú ìwé. Ṣùgbọ́n ẹ kà á dáadáa: ojú àwọn ará ìlú rẹ̀ ni òfin náà ń wò. Ará Amẹ́ríkà wo ló gbọ́ ẹnu Rẹ́mọ?

Ẹni tó sì fi Charlie Chaplin dá mi lóhùn, pé ó fi Hitler ṣẹ̀fẹ̀ ní 1940 tí ayé ń yìn ín títí dòní: bẹ́ẹ̀ ni. Chaplin náà ló kọ̀wé lẹ́yìn ogun pé ká ní òun mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ gan-an nínú àwọn ọgbà ìpànìyàn wọ̀nyẹn, òun ì bá má lè ṣe é. Mo máa ń rántí tábìlì kẹjọ bí mo bá rántí ìyẹn.

* * *

Ẹni tó béèrè ti padà wá. Ó ní ìdílé ti jókòó: àbúrò ẹ̀ máa fi àwọn fídíò tó wà nílẹ̀ sílẹ̀ bó ṣe wà, á kọ orúkọ ẹ̀ sórí fọ́ọ̀mù láìfi kan pa mọ́, kò ní gbé tuntun jáde títí wọ́n á fi dá a lóhùn, ṣùgbọ́n ó máa ṣe é lójúkojú níbi ayẹyẹ ìparí ọdún. Màmá gbà, pẹ̀lú àdéhùn pé “Kábíyèsí Onírun Àgbàdo” ni wọ́n á máa pè é, wọn ò gbọ́dọ̀ dárúkọ. Ọgbọ́n Ògúǹdé nìyẹn, màmá kò sì lọ ilé-ẹ̀kọ́ eré. Ó wá béèrè lọ́wọ́ mi pé irun náà ń dúdú bó bá ti gbẹ, kí ni kí wọ́n ṣe.

Ẹ má ṣa èyí tó ti wà lẹ́sẹ̀ àwọn tó ń sun àgbàdo, iná ti fẹ́ ẹ. Ẹ lọ bá àwọn tó ń bó àgbàdo tútù lọ́jà láàárọ̀, kí ẹ mú èyí tó wà nínú èèpo, tó ṣì funfun díẹ̀. Abẹ́ òjìji ni kẹ́ ẹ sá a sí, oòrùn máa ń sọ ọ́ di rúsúrúsú. Kẹ́ ẹ sì ṣe tó fìlà mẹ́ta, torí kò ní lò ju alẹ́ kan lọ. Gọ́ọ̀mù kọ́ o! Òwú ni kẹ́ ẹ fi rán an, láti ẹ̀yìn wá síwájú. Èmi fi gọ́ọ̀mù lẹ tèmi lọ́dún tó kọjá, ooru mú un, gbogbo iwájú ẹ̀ já sínú ìkòkorẹ́ alága ọjọ́ náà.